Orlando Martins, ọmọ Òkè-Súnà tó fi ipa kékeré jẹun ní Lọ́ńdọ̀nù: ṣé ó yẹ ká máa fi í yangàn?

ỌmọPópóÀgùdà

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta, ẹ̀yin ará. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ẹnì kan kọ ọ́ síbí pé Orlando Martins, ọmọ Èkó tó ṣe fíìmù nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láyé ìjọba amúnisìn, kò ṣe ju ìránṣẹ́, olóyè inú igbó àti adáhunṣe burúkú lọ. Ó ní kí la fẹ́ máa fi irú ẹni bẹ́ẹ̀ yangàn sí. Ọ̀rọ̀ náà ò kúrò lọ́kàn mi láti ìgbà náà. Ó pẹ́ tí mo ti ń wá fíìmù bàbá yìí kiri, mo sì fẹ́ sọ tẹnu mi.

Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Ọdún 1899 ni wọ́n bí i, ní Òkè-Súnà, ní Erékùṣù Èkó. Òṣìṣẹ́ ìjọba ni bàbá rẹ̀, ìdílé Àgùdà tó ní gbòǹgbò ní Bùràsíìlì. Ọmọ ilẹ̀ yìí ni ìyá rẹ̀. Ó wọ Eko Boys' High School ní 1913, kò parí ẹ̀. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, ó wọ ọkọ̀ òkun oníṣòwò ti Gẹ̀ẹ́sì, ó ń bá wọn ṣiṣẹ́ lórí omi. Nígbà tí ogun parí, ó fìdí kalẹ̀ sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1919.

Ẹ wo ohun tó ṣe kó tó jẹun níbẹ̀. Ó ṣiṣẹ́ nílé ìdáná. Ó ṣe ọlọ́dẹ òru. Ó bá sákọ́ọ̀sì rìn káàkiri, ó ń fi ejò dárà fáwọn ọmọdé Òyìnbó. Ó ja ìjàkadì fówó, orúkọ tí wọ́n sì fún un lójú agbo ni Black Butcher Johnson. Nígbà tí ẹgbẹ́ oníjó Diaghilev ti ilẹ̀ Rọ́ṣíà wà ní Lọ́ńdọ̀nù, ó wà lára àwọn tí wọ́n kó jọ sẹ́yìn kí orí ìtàgé lè kún. Lẹ́yìn náà ló bọ́ sí sinimá tí kò ní ohùn, ohun tí àwọn ọmọ Nollywood ń pè ní waka-pass. Nígbà tó fi máa di 1935 tí òun àti Paul Robeson, olórin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú ọmọ Amẹ́ríkà, jọ ṣe Sanders of the River, ó ti lo ọdún mẹ́rìndínlógún nílùú náà.

Látibẹ̀ ló ti ń bá iṣẹ́ lọ. Men of Two Worlds ní 1946. The Hasty Heart ní 1949. Where No Vultures Fly ní 1951. Simba ní 1955. The Nun's Story, tí Audrey Hepburn jẹ́ aṣáájú rẹ̀, ní 1959. Sammy Going South ní 1963. Kò ṣe aṣáájú nínú ìkankan. Ohun tí mò ń sọ ni pé wọ́n fún un ní ipa kékeré, ó fi ọwọ́ àgbà ṣe é. Ẹ jẹ́ ká wo iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀ ká tó dá a lẹ́jọ́.

Adélé_Leeds

Ẹ̀gbọ́n, mo kí yín. Èmi ni mo sọ ọ̀rọ̀ yẹn, mo ṣì dúró lórí ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti Sanders of the River. Kí ni ìtàn náà? Ajẹ́lẹ̀ Òyìnbó kan ń ṣàkóso agbègbè odò kan nílẹ̀ wa. Tó bá wà ńlé, àlàáfíà wà. Kó fẹsẹ̀ kúrò báyìí, àwọn aláwọ̀ dúdú á bẹ̀rẹ̀ sí í pa ara wọn. Robeson fúnra rẹ̀, tó kọrin nínú ẹ̀ tí gbogbo ayé sì gbọ́, padà wá sọ fáyé pé òun ò sí lẹ́yìn fíìmù náà mọ́. Jomo Kenyatta pàápàá wà láàárín èrò inú ẹ̀, ẹni tó padà wá di olórí Kẹ́ńyà. Ebi ló ń pa gbogbo wọn, mi ò dá wọn lẹ́bi. Àmọ́ ká wá máa pè é ní ohun ìyangàn ńkọ́?

Ti Men of Two Worlds tún burú jù lójú tèmi, torí ó díbọ́n bí ẹni tó nífẹ̀ẹ́ wa. Ilé iṣẹ́ ìròyìn ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ló wà lẹ́yìn ẹ̀ lásìkò ogun. Joyce Cary, tó ti ṣe ajẹ́lẹ̀ ní Àríwá Nàìjíríà tẹ́lẹ̀, wà lára àwọn tó pilẹ̀ ìtàn náà. Kisenga, ọmọ Tanganyika, ti lo ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ní Lọ́ńdọ̀nù, ó ń tẹ dùùrù, ó ń kọ orin. Ó wá padà sílé láti ran ìjọba lọ́wọ́ kí wọ́n lè kó abúlé rẹ̀ kúrò níbi tí eṣinṣin àìsàn oorun wà. Ta ló dínà? Magole, adáhunṣe. Orlando Martins ni Magole. Ó gbé èpè lé Kisenga, ọkùnrin tó ti rí ayé dé Lọ́ńdọ̀nù sì dùbúlẹ̀, ó fẹ́ kú, torí èpè.

Ẹ má rò pé ìgbà tiwa yìí nìkan la ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rí i. WASU, ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tí Ládipọ̀ Ṣólańkẹ́, ọmọ Abẹ́òkúta, wà lára àwọn tó dá a sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1925, ti kọ̀wé sí ìjọba ní 1943 nígbà tí wọ́n gbọ́ nípa ìtàn náà. Wọ́n ní yóò tàbùkù ilẹ̀ Áfíríkà. Ọmọ Yorùbá kan ń kọ̀wé ẹ̀hónú, ọmọ Yorùbá kejì ń wọ aṣọ adáhunṣe. Ta ni ká tẹ̀ lé nínú àwọn méjèèjì?

TítíOníTíátà

Ẹ̀yin méjèèjì ti sọ̀rọ̀ dáadáa, àmọ́ ìtàn inú fíìmù lẹ ń sọ, kì í ṣe iṣẹ́ òṣèré. Iṣẹ́ tèmi nìyí, orí ìtàgé ni mo ti ń jẹun láti ìgbà tí mo ti jáde ní Ifẹ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí.

Ẹ wo The Hasty Heart. Ilé ìwòsàn àwọn ológun ni, ní Bọ́mà, bí ogun ṣe ń parí lọ. Àwọn aláìsàn inú yàrá náà ni Ronald Reagan, ọmọ Amẹ́ríkà, tó padà wá di ààrẹ wọn. Ará Ọsirélíà kan, ará New Zealand kan, Gẹ̀ẹ́sì kan. Orlando Martins ni Blossom, jagunjagun láti Basutoland, ilẹ̀ tá a mọ̀ sí Lesotho lónìí. Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Orúkọ ara rẹ̀ yẹn nìkan lọ̀rọ̀ tó ń jáde lẹ́nu rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Wọ́n wá gbé ọmọ Sìkọ́tíláǹdì kan wọlé, Lachie, Richard Todd ló ṣe é. Kíndìnrín kan ṣoṣo tó ṣẹ́kù lára rẹ̀ ti ń bàjẹ́, kò sì mọ̀. Dókítà sọ fún àwọn yòókù pé kí wọ́n mú un lọ́rẹ̀ẹ́ torí ọjọ́ rẹ̀ ò pọ̀ mọ́. Ọ̀rọ̀ Lachie le, agídí ni, kò gba ọ̀rẹ́ gbọ́. Díẹ̀díẹ̀ ló rọ̀, wọ́n ra kílítì fún un lọ́jọ́ ìbí rẹ̀, inú rẹ̀ dùn.

Ó wá gbọ́ òótọ́. Gbogbo ìfẹ́ tí wọ́n fi hàn án wá di àánú lójú rẹ̀. Ó bú wọn, ó ní òun ń lọ sílé lọ kú. Bó ṣe fẹ́ máa lọ ni Blossom jáde sí i, ó mú ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn tó fọwọ́ ara rẹ̀ sín lọ́wọ́, ó nà án sí i. Lachie kọ̀ ọ́. Wọ́n wá là á yé e pé ọkùnrin yìí ò gbọ́ èdè wa, kò sẹ́ni tó sọ fún un pé o máa kú, ọ̀rẹ́ lásán ló ń bá ẹ ṣe. Ibẹ̀ ni agídí Lachie ti fọ́.

Ṣé ẹ rí i? Gbogbo fíìmù yẹn, tó gbé Richard Todd dé ibi tí wọ́n ti fa orúkọ rẹ̀ kalẹ̀ fún Oscar, orí ìlẹ̀kẹ̀ yẹn ló ń yí lé. Bí ẹni tó na ìlẹ̀kẹ̀ náà bá ṣe é bí ọ̀dẹ̀, tàbí tó ṣe é bí ẹrú tó ń wá ojúure Òyìnbó, ìran náà bàjẹ́ nìyẹn. Ó gbọ́dọ̀ jẹ́ ọkùnrin gidi, ẹni tó ti wo ọkùnrin mìíràn títí tó sì ti pinnu nínú ara rẹ̀ pé mo fẹ́ràn ẹni yìí. Kò sì ní ọ̀rọ̀ kankan tó máa fi sọ ọ́! Ojú, èjìká, ọwọ́, àti bí ara rẹ̀ ṣe wà nínú yàrá nígbà tí àwọn yòókù ń sọ̀rọ̀. Ara tó fi jìjàkadì, tó fi gbé ejò dání níwájú èrò, ó mọ bí wọ́n ṣe ń mú ara dúró kí èèyàn máa wò ó.

Kí ẹ tún mọ̀ pé kì í ṣe iwájú kámẹ́rà ló ti bẹ̀rẹ̀ ipa náà. Òun ló ti ṣe Blossom lórí ìtàgé ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1945, alẹ́ dé alẹ́, kó tó di pé wọ́n sọ eré náà di fíìmù ní 1949. Nígbà tí wọ́n ń wá ẹni tó máa ṣe é nínú fíìmù, òun náà ni wọ́n padà lọ pè. Nínú iṣẹ́ wa, tí olùdarí bá pe òṣèré ipa kékeré lẹ́ẹ̀kejì, ìyìn tó ga jù lọ nìyẹn.

SójàLọ́mọ

Ọmọ mi Títí, o ṣeun. Bàbá tó bí mi ja ogun Bọ́mà, Ẹgbẹ́ Ọmọ Ogun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà Kejìlélọ́gọ́rin ló wà. Ọ̀pọ̀ ọmọ wa ló kú sínú igbó yẹn. Mi ò rí fíìmù Òyìnbó mìíràn nípa Bọ́mà tí aláwọ̀ dúdú wà nínú yàrá kan náà pẹ̀lú wọn, lórí bẹ́ẹ̀dì kan náà, pẹ̀lú aṣọ àìsàn kan náà. Fún èmi, ìyẹn nìkan tó ìdí tí mo fi ń wò ó.

Adélé_Leeds

Bàbá, ẹ kú ìrántí wọn. Ọlọ́run á tẹ́ wọn sáfẹ́fẹ́ rere.

Àǹtí Títí, mo ka ọ̀rọ̀ yín lẹ́ẹ̀mejì, ó wọ̀ mí lára. Àmọ́ ẹ jẹ́ kí n bi yín: kí ló dé tó jẹ́ aláwọ̀ dúdú inú yàrá yẹn ni ò ní ohùn? Gbogbo wọn ni wọ́n ní ìtàn, wọ́n ní ìyàwó, wọ́n ní ilé tí wọ́n ń sọ nípa ẹ̀. Tirẹ̀, ìlẹ̀kẹ̀. Ó kàn wá kí ọkàn Òyìnbó lè rọ̀ ni. Mo gbà pé ó mọṣẹ́. Ohun tó ń dùn mí ni pé irú ọwọ́ yẹn wà níbẹ̀, ẹnikẹ́ni ò sì kọ ọ̀rọ̀ tó lè gbà á.

TítíOníTíátà

Adélé, òótọ́ lo sọ níbẹ̀ yẹn, mi ò ní bá ẹ jà. Ìwà ìkà ni wọ́n hù sí irú òṣèré bẹ́ẹ̀. Èmi kàn ń sọ pé kí ìbínú tá a ní sí àwọn tó kọ ìtàn má bàa gbá òṣèré mọ́ ọn.

ỌmọPópóÀgùdà

Adélé, àbúrò mi, o ní ẹnikẹ́ni ò kọ ọ̀rọ̀ tó lè gbà á. Ẹnì kan kọ ọ́, lórí ìtàgé.

Ní oṣù kẹta 1936, ní Westminster Theatre ní Lọ́ńdọ̀nù, C. L. R. James, ọmọ Trinidad, gbé eré kan jáde nípa Toussaint Louverture, ẹni tó ṣáájú àwọn ẹrú Haiti tí wọ́n fi já ara wọn gbà lọ́wọ́ Faransé. Robeson ni Toussaint. Robert Adams, ọmọ British Guiana, ni Dessalines, ọ̀gágun Toussaint. Orlando Martins tiwa ni Boukman. Ẹni tó bá mọ ìtàn Haiti mọ ẹni tí Boukman jẹ́: òun ló pe àwọn ẹrú jọ ní 1791 tí ọ̀tẹ̀ náà fi bẹ́ sílẹ̀. Ọdún kan péré lẹ́yìn Sanders nìyẹn! Ọkùnrin tó ń tẹrí ba fún ajẹ́lẹ̀ nínú sinimá ní 1935 ló dúró lórí ìtàgé ní 1936 tó ń pe ẹrú sí ogun. Eré náà ò pẹ́ lórí ìtàgé, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tíátà kan ló wò ó jù. Sinimá ni gbogbo ayé rí. Ẹ̀gbẹ́ kan ìgbésí ayé ẹ̀ là ń wò, à ń pè é ní odidi.

Ọ̀rọ̀ Robert Adams yẹn, ẹ jẹ́ kí n fi kún un. Oníjàkadì lòun náà kó tó di òṣèré. Òun náà ló wá ṣe Kisenga nínú Men of Two Worlds, tí Martins ṣe Magole sí i lójú. Oníjàkadì méjì tí wọ́n ti jọ wà nínú iṣẹ́ fún ọdún gbọọrọ, wọ́n wá dojú kọ ara wọn nínú fíìmù aláwọ̀ mèremère kan tí owó ìjọba wà nínú ẹ̀. Tí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá Martins mọṣẹ́, ẹ wo ìran tí àwọn méjèèjì bá wà papọ̀. Ìtàn náà fẹ́ ká kórìíra Magole. Martins ò ṣe é bí ẹni tó ń fò fẹ̀rẹ̀ kiri tó ń yọ ojú. Ó mú un dúró bí àgbà ìlú, ẹni tí abúlé ń fọkàn tẹ̀ torí ó ti wà pẹ̀lú wọn nígbà tí Kisenga ò sí ńlé. Èmi gbàgbọ́ pé ó fún Magole ní ọlá tí àwọn tó kọ ọ́ ò fún un.

Adélé_Leeds

Ẹ̀gbọ́n, mi ò mọ ti Boukman yẹn tẹ́lẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n lọ wá a.

ỌmọAkin_SE15

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú pé mo já lu ọ̀rọ̀ àgbà. Òṣèré lèmi náà, ní Lọ́ńdọ̀nù níbí. Ipa tí mo ti ṣe lórí tẹlifíṣàn ni nọ́ọ̀sì, awakọ̀ takisí, àti ọlọ́pàá tó ń dúró lẹ́nu ọ̀nà. Mò ń ka gbogbo ohun tẹ́ ẹ kọ, ìbéèrè kan wà tí kò sẹ́ni tó bi: báwo lèèyàn ṣe ń fi ipa kékeré gbé ayé fún ogójì ọdún? Ìyẹn gan-an ló ń jẹ mí lọ́kàn. Àwọn ọ̀rẹ́ tá a jọ jáde nílé ẹ̀kọ́, ìdajì ti fi iṣẹ́ sílẹ̀.

TítíOníTíátà

ỌmọAkin, o ṣeun tó o béèrè. Tó o bá wo iṣẹ́ rẹ̀ dáadáa, wàá rí i pé ó ṣe ohun méjì.

Kò jẹ́ kí ilẹ̀kùn kan ṣoṣo jẹ́ ilẹ̀kùn òun. Tí sinimá ò bá pè é, ìtàgé wà. Tí ìtàgé ò bá pè é, eré olórin wà; ó bá ẹgbẹ́ Show Boat rìn láti ìlú dé ìlú. Tí gbogbo ẹ̀ bá daṣẹ́ sílẹ̀, ó gba iṣẹ́ ọ̀sán tàbí ti òru. Kò sí ibi tí wọ́n ti rí i kà pé ó tijú iṣẹ́ ìdáná.

Èkejì, ó jẹ́ kí wọ́n mọ òun mọ ohun kan tí ẹlòmíì ò ní. Ó ga, àyà rẹ̀ fẹ̀, ohùn rẹ̀ rinlẹ̀. Lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn ilé iṣẹ́ fíìmù Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀ sí í kó kámẹ́rà wọn lọ Ìlà-Oòrùn Áfíríkà gan-an dípò kí wọ́n máa fi pákó kọ́ abúlé nínú ilé iṣẹ́ wọn. Ilé iṣẹ́ fíìmù Ealing ló ṣe Where No Vultures Fly, Harry Watt sì darí ẹ̀, nípa ẹ̀ṣọ́ ẹranko igbó kan. Martins wà nínú ẹ̀. Nígbà tí wọ́n padà wá ṣe ìtàn tó tẹ̀ lé e, West of Zanzibar, ní 1954, wọ́n tún pe òun. Simba tẹ̀ lé e, nípa ogun Mau Mau, ọ̀tẹ̀ àwọn ará Kẹ́ńyà sí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ ò lè ya irú fíìmù yẹn láyé ìgbà yẹn láìpe orúkọ rẹ̀. Adélé máa sọ pé fíìmù amúnisìn ni gbogbo wọn, òótọ́ sì ni. Àmọ́ kó o tó lè wà ńbẹ̀ lọ́dún dé ọdún, o gbọ́dọ̀ máa débi iṣẹ́ lásìkò, o gbọ́dọ̀ mọ ohun tó o fẹ́ ṣe kí kámẹ́rà tó yí, o ò sì gbọdọ̀ fi ìgbéraga ba ọjọ́ olójọ́ jẹ́.

Àti pé, ọmọ mi, má pe ọlọ́pàá ẹnu ọ̀nà yẹn ní ohun kékeré. Kí ló rí kó tó dúró síbẹ̀? Ṣé ẹsẹ̀ ń dùn ún? Ta ló ń dúró dè é ńlé? Kámẹ́rà máa rí i tó o bá mọ̀ ọ́n.

ÌyáÌbejì_Peckham

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mi ò mọ fíìmù àtijọ́, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ipa kékeré yìí kàn mí.

Nígbà tí BBC ṣe fíìmù nípa Dàmilọ́lá Taylor ní 2016, èmi àti àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì wa la jọ wò ó. Àdúgbò wa níbí ni wọ́n ti pa ọmọ ọdún mẹ́wàá yẹn ní 2000, kò sí ìyá Yorùbá kan ní Peckham tó gbàgbé. Wúnmi Mosaku, ọmọ tí wọ́n bí ní Zaria tó dàgbà sí Manchester, ló ṣe ìyá rẹ̀. Ìtàn bàbá náà ló wà níwájú jù, ipa ìyá jẹ́ ti àtìlẹ́yìn. Àmọ́ bó ṣe jókòó, bó ṣe ń di gèlè ọ̀rọ̀ mọ́ra tí kò jẹ́ kó tú níwájú àlejò, mo mọ obìnrin yẹn. Mo ti jókòó tì í rí níbi ìsìnkú. Wọ́n fún un ní àmì ẹ̀yẹ BAFTA ti òṣèrébìnrin àtìlẹ́yìn ní 2017, mo sì pariwo nínú yàrá mi.

Adélé_Leeds

Ìyá Ìbejì, ẹ ṣé. Mo fẹ́ fi nǹkan kún un. Ní 2021, Rakie Ayọ̀lá, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Yorùbá, tí wọ́n bí ní Cardiff, gba àmì ẹ̀yẹ kan náà fún fíìmù Anthony. Kí ló ṣe nínú ẹ̀? Ìyá ọmọ aláwọ̀ dúdú tí wọ́n pa ní Huyton, lẹ́bàá Liverpool, ní 2005. Ẹ wò ó: ọdún mẹ́rin síra wọn, ọmọ Yorùbá méjì, àmì ẹ̀yẹ kan náà, ìyá tí wọ́n pa ọmọ rẹ̀ làwọn méjèèjì. Inú mi dùn sí wọn gan-an, iṣẹ́ ńlá ni wọ́n ṣe. Àmọ́ ìbéèrè mi ò tíì kúrò ńlẹ̀. Láyé Martins, ìránṣẹ́ àti adáhunṣe ni wọ́n ní fún wa. Lónìí, ìyá tó ń ṣọ̀fọ̀ ni. Ìgbà wo la máa rí ipa àtìlẹ́yìn tí ọmọ wa máa ṣe, tó kàn jẹ́ èèyàn, tí kò ní í jẹ́ pé ìyà ló gbé e dé iwájú kámẹ́rà?

TítíOníTíátà

Ìyàtọ̀ kan wà tí mi ò fẹ́ ká fò dá. Blossom ò ní ohùn. Àwọn obìnrin méjì yìí ní ohùn, wọ́n sọ tẹnu wọn. Ayọ̀lá kan náà yẹn ti ṣe nọ́ọ̀sì Kyla Tyson nínú Holby City, eré ilé ìwòsàn orí tẹlifíṣàn BBC, fún ọdún bíi mélòó kan kó tó dé ibẹ̀. Nọ́ọ̀sì ni, ó ń ṣiṣẹ́, ó ń bínú, ó ń fẹ́ràn èèyàn. Ohun tí ò ń béèrè ti bẹ̀rẹ̀. Kò tíì tó, mo gbà.

BàbáOníwèé_Mọ́kọ́lá

Mo ti ń ka yín láti àárọ̀. Ó ṣe mí ní kàyéfì pé kò sẹ́ni tó dárúkọ ohun tí Martins ṣe nígbà tó padà sílé.

Àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ní 1970, nígbà tí Martins ti pé àádọ́rin ọdún, Francis Ọládélé gbé fíìmù Kongi's Harvest jáde nílẹ̀ wa, láti inú eré Wọlé Ṣóyínká. Ossie Davis, aláwọ̀ dúdú ọmọ Amẹ́ríkà, ló darí ẹ̀. Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ló ṣe Kongi. Àwọn ọ̀dọ́ òṣèré Ìbàdàn ìgbà yẹn kún inú ẹ̀, Martins sì wà láàárín wọn bíi Dókítà Gbénga. Inú Ṣóyínká ò dùn sí bí wọ́n ṣe gé fíìmù náà, ó sì sọ ọ́ síta. Èyí ò kan Martins. Ohun tó kàn mí ni pé ọkùnrin tó ti lo ìgbésí ayé rẹ̀ ní àwọn ilé iṣẹ́ fíìmù Gẹ̀ẹ́sì bíi Shepperton àti Elstree wá dúró níwájú kámẹ́rà nílé, àwọn ọmọdé òṣèré sì ń wò ó bó ṣe ń ṣe é.

Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, olùdarí ará Jámánì kan, Hansjürgen Pohland, sọ ìwé Chinua Achebe méjì di fíìmù kan. Johnny Sekka ṣe Okonkwo. Orlando Martins ṣe Obierika. Ẹni tó bá ti ka Things Fall Apart mọ Obierika: ọ̀rẹ́ Okonkwo, ẹni tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkú rẹ̀ lórí igi tó sì yíjú sí ajẹ́lẹ̀ Òyìnbó, tó sọ ọ̀rọ̀ sí i lójú. Ní 1935, K'Lova ló jẹ́ lábẹ́ ajẹ́lẹ̀ Sanders. Ní 1971, Obierika. Ipa àtìlẹ́yìn náà ṣì ni, ẹ kíyè sí i. Adélé, ọmọ mi, o ní kí nìdí tí wọn ò fi kọ ọ̀rọ̀ tó lè gbà á. Achebe àti Ṣóyínká ti kọ ọ́. Ó wà láàyè, ó sì wà níbẹ̀ láti ṣe é.

Èkó ló kú sí ní oṣù kẹsàn-án 1985.

Adélé_Leeds

Bàbá, ẹ ṣeun gan-an. Mo dákẹ́ díẹ̀ kí n tó fèsì.

Mi ò ní yí ọ̀rọ̀ mi padà lórí Sanders, bẹ́ẹ̀ ni mo ṣì gbà pé àwọn WASU ló tọ̀nà nípa Men of Two Worlds. Àmọ́ mi ò ní sọ mọ́ pé kò yẹ ká fi bàbá yìí yangàn. Ẹni tó ṣe Boukman àti Obierika ò lè jẹ́ ẹni tí kò mọ ohun tó ń ṣe. Ìbínú mi á lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn tó di kọ́kọ́rọ́ mú.

ỌmọAkin_SE15

Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀? Mi ò tíì wo ìkankan nínú ẹ̀, ojú sì ń tì mí láti sọ ọ́ níwájú yín.

TítíOníTíátà

Kò sí ìtìjú ńbẹ̀. The Hasty Heart ni kó o kọ́kọ́ wò. Wò ó lẹ́ẹ̀kan fún ìtàn, kó o wá padà wò ó lẹ́ẹ̀kejì, kó o má wo ẹnikẹ́ni àfi Martins, pàápàá nígbà tí ẹlòmíì bá ń sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn náà, Men of Two Worlds, fún ìran òun àti Robert Adams. Sammy Going South ò burú, àmọ́ àkókò rẹ̀ nínú ẹ̀ kéré. The Nun's Story, olùrànlọ́wọ́ nílé ìwòsàn ní Kóńgò lo máa rí i. Fi Sanders sẹ́yìn pátápátá, kó o sì ka nípa ohun tí Robeson sọ kó o tó wò ó.

ỌmọPópóÀgùdà

Mo ní The Hasty Heart lórí díìsìkì, àwòrán rẹ̀ mọ́. ỌmọAkin, fi àdírẹ́sì ránṣẹ́ sí mi níkọ̀kọ̀, màá fi ránṣẹ́ sí ẹ. Adélé, tìrẹ náà wà ńbẹ̀ tó o bá fẹ́. Bàbá Oníwèé, ẹ jọ̀ọ́, tẹ́ ẹ bá ní ẹ̀dà Kongi's Harvest tó ṣeé wò, ẹ jẹ́ ká gbọ́ síbí, torí èyí tí mo rí, ohùn rẹ̀ ti ń já.